Ìgò Omi Oyèlékè

Fèrè ọkọ̀ Oyèlékè ń ké láàárọ̀, bẹ́ẹ̀ kò sẹ́ni nínú ọkọ̀. Ọkọ̀ baba olóògbé kan ni, ọwọ́ àwọn ọmọ baba náà ló ti rà á. Ó dá a lójú pé baba náà ti padà wá gba ọkọ̀ rẹ̀.

Àràárọ̀ ló máa ń wọ́n omi àdúrà sí ẹ́ńjìnnì nítorí jàǹbá ọ̀nà Ògbómọ̀ṣọ́. Lónìí, ó da odidi ìgò sí i. Fèrè kò dákẹ́.

Ó sáré pe Sàídù, tó ń tún iná ọkọ̀ ṣe. Sàídù fa àpótí kékeré kan yọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ bátìrì, fèrè dákẹ́.

“Rílée tó ń gbé iná fún fèrè nìyí. Ó ti dípẹtà, ó lẹ̀ pọ̀.” Ó ṣí i, omi ṣàn jáde. Ó fi tuntun rọ́pò rẹ̀, ó yíjú sí Oyèlékè. “Bàbá Ìmísí, ẹ bá mi kìlọ̀ fún ẹni tó ń da omi síbí.”

Oyèlékè rọra ti ìgò bọ abẹ́ ẹ̀wù.

Èrò Ògbómọ̀ṣọ́ wọ ọkọ̀, Oyèlékè di sítíárì mú. Ọkọ̀ dákẹ́, ó gbẹ táútáú, kò sí ẹ̀kán omi àdúrà kan lára rẹ̀. Ìgbà yẹn gan-an ni ẹ̀rù wá bà á.