Àkọ́pa Dinah

"Ta ló fi àkàbà sílẹ̀ lára àká?"

Lorena ò pariwo, ìyẹn gan-an ló ba Titus ọkọ rẹ̀ lẹ́rù. Orí òpó mẹ́rin gíga ni àká wọn wà lẹ́bàá odò Yukon, kí ẹranko má baà dé ibẹ̀. Nígbà tí wọ́n lọ ṣa èso nínú igbó lánàá, béárì gun àkàbà, ó jẹ gbogbo ẹja gbígbẹ tí wọ́n kó pamọ́ de ìgbà òtútù tán.

"Èmi ni. Mo gbàgbé."

"O gbàgbé! A yan ẹja látàárọ̀ ṣúlẹ̀ ní gbogbo ẹ̀ẹ̀rùn, àṣé béárì là ń se àsè fún!"

Ọ̀sẹ̀ méjì ló kù kí odò di yìnyín.

Lọ́jọ́ kẹta, Dinah ọmọ wọn, ọmọ ọdún mẹ́tàlá, sáré dé, ẹ̀jẹ̀ dé ìgbọ̀nwọ́ rẹ̀.

"Bàbá, mo pa múùsì! Akọ ni!"

Ẹran tó ga ju ẹṣin lọ! Titus gbé ọmọ náà sókè, ó ń dúpẹ́, ó ń sunkún. Lorena nìkan ni ò rẹ́rìn-ín.

"Àkọ́pa rẹ̀ ni," ló sọ.

Titus rọra gbé ọmọ náà sílẹ̀. Ní àṣà wọn, àkọ́pa, ìyẹn ẹran tí ọdẹ kọ́kọ́ pa, kì í wọ ilé rẹ̀. Àgbàlagbà ni wọ́n ń kó gbogbo rẹ̀ fún, ọdẹ náà kò sì gbọ́dọ̀ tọ́ ọ wò.

"Lorena, ebi ò mọ àṣà o. Ta ni yóò rí wa?"

"Ọmọ yìí ń wò wá."

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, wọ́n fi ọkọ̀ ojú omi gbé ẹran náà lọ fún Màmá Myra, opó tó ń dá gbé nísàlẹ̀ odò. Ìyá arúgbó náà fa Dinah mọ́ra.

"Ọdẹ mi! Igbó ò ní ṣe ọ́ léṣe. Titus, kí ló dé tójú ẹ fà ro báyìí?"

Titus jẹ́wọ́ bí òun ṣe gbàgbé àkàbà tí béárì fi jẹ ẹja wọn tán. Ìyá náà rẹ́rìn-ín títí ó fi wúkọ́.

"Alágbàgbé! Ó dáa, ṣé ẹran yìí ti di tèmi?"

"Tiyín ni, Mà."

"Kí ni èmi eléyín mẹ́ta fẹ́ fi odidi múùsì ṣe? Ẹ fi orí àti itan kan sílẹ̀ fún mi. Mo fi ìyókù ta yín lọ́rẹ. Àmọ́ ọdẹ ò gbọ́dọ̀ fẹnu kàn án o!"

Lorena di ọwọ́ ìyá náà mú.

Bí wọ́n ṣe ń padà sínú ọkọ̀, Dinah ní, "Kí lèmi ó wá máa jẹ?"

"Ehoro," Titus dáhùn. "Láràárọ̀ títí yìnyín á fi yọ́, èmi ni n ó máa dẹ pańpẹ́ fún ẹ. Ebi ò ní pa ẹni tó bọ́ wa."

Kò tíì tu ọkọ̀ kúrò ní bèbè tó ti ń wo ibi tí ehoro ń gbà kọjá nínú koríko.