Ìyá Mi Wá Síbi Ìdánilẹ́kọ̀ọ́

Inú yàrá ìdánilẹ́kọ̀ọ́ ni a wà, lókè ilé ẹjọ́ kan ní Iléṣà, àwọn fáìlì sì ń mí. Akọ̀wé ni gbogbo wa fẹ́ dà lọ́dọ̀ àwọn lọ́yà tó ń rí sí ọ̀ràn tọkọtaya àti ọmọ. Lọ́yà Adégbìtẹ́, obìnrin tó ń kọ́ wa, ń gbé fáìlì kalẹ̀ jẹ́ẹ́ bí ẹni tó ń tẹ́ ọmọ ìkókó.

Ó ní, "Ẹ kọ orúkọ sí wọn lára, kí ẹ tò wọ́n. Ẹ má fi ti ọkọ kan ti ìyàwó o. Wọ́n á gbọ́ ohùn ara wọn."

Mo tò wọ́n. Èyí tí inú ń bí gbóná lọ́wọ́ mi, mo gbé e sẹ́bàá fèrèsé kí atẹ́gùn fẹ́ sí i. Òmíràn bi mí bóyá àwọn ọmọ ti jẹun. Mo ní wọ́n ti jẹun, mo sì kọ ọ́ sílẹ̀ pé ó béèrè. Ilẹ̀ yàrá di iyanrìn, ó tún di sìmẹ́ńtì.

Fáìlì tó kàn jẹ́ ti ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, Ìbídùn. Mo ti gbọ́ pé òun àti ọkọ rẹ̀ fẹ́ kọ ara wọn sílẹ̀, ṣùgbọ́n n kò mọ ohun tó fà á. Mo kà á, torí iṣẹ́ mi ni. Nígbà tí mo kà á tán, ó wúwo ju odó lọ.

Ìgbà yẹn ni ìyá wa wọlé. Ó ti pẹ́ tó ti kú. Aṣọ tí a fi sin ín ló wọ̀, ó sì ti lọ̀ ọ́ dáadáa. Mo kúnlẹ̀ kí i. Ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì iwájú, ó na ọwọ́.

"Àwẹ̀ró, gbé e wá. Kí ni ọkọ Ìbídùn fi ojú ẹ̀ rí?"

"Ẹ jọ̀ọ́, Màámi, n kò lè sọ."

"Èmi tí mo bí ẹ̀yin méjèèjì?"

"Ẹ̀gbọ́n mi ló ni ọ̀rọ̀ ẹ̀, Màámi. Tó bá fẹ́ kí ẹ gbọ́, òun fúnra ẹ̀ á sọ fún yín."

Ojú ìyá mi pọ́n. Ẹ̀rù bà mí pé á bínú lọ, n kò sì ní rí i mọ́. Síbẹ̀ mo gbé fáìlì náà sínú kọ́bọ́ọ̀dù, mo tì í, mo sì gbé kọ́kọ́rọ́ ẹ̀ mì. Ó dùn bí iyọ̀.

Ìyá mi bú sẹ́rìn-ín. Ó yíjú sí Lọ́yà Adégbìtẹ́.

"Ṣé ẹ rí ọmọ mi? Odindi èmi ló fọ̀rọ̀ pamọ́ fún! Àwẹ̀ró, tí ọ̀rọ̀ ń wọ ikùn ẹ̀ tí kì í jáde."

Orí mi wú. Ó wú títí n kò fi lè gba ẹnu ọ̀nà kọjá mọ́, àwọn tí a jọ ń kẹ́kọ̀ọ́ bá mi wó ògiri díẹ̀.

Níta, oòrùn mú. Bí mo ṣe ń kọjá lọ, àwọn ilé òpópónà náà ń ṣí òrùlé wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, bí àgbà ọkùnrin ṣe ń ṣí fìlà.