Wọn Ò Sọ Mí Di Màlúù

Ẹnu Kóòtù ni gbogbo wọn ń pè é, àwọn kíláàkì, àwọn ọlọ́pàá ẹnu ọ̀nà, títí kan obìnrin tó ń nu ilẹ̀ gbọ̀ngàn. Iṣẹ́ ògbufọ̀ ló ń ṣe. Bí lọ́yà bá sọ̀rọ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì, òun ni yóò sọ ọ́ fún ẹlẹ́jọ́ lédè Yorùbá. Bí ẹlẹ́jọ́ bá fèsì, òun náà ni yóò sọ ọ́ padà lédè Gẹ̀ẹ́sì kí adájọ́ lè gbọ́. Adájọ́ ò gbọ́ Yorùbá rárá, àfi “ẹ káàárọ̀” nìkan, èyí tó sì máa ń fi kí wọn lọ́sàn-án.

Ó mọ iṣẹ́ rẹ̀, a ò níí purọ́ mọ́ ọn. Àléébù kan ló ní: ó ń bẹ̀rù adájọ́ yìí. Kì í sì í ṣe pé adájọ́ ń pariwo. Obìnrin jẹ́jẹ́ ni, àfi pé ó máa ń wo èèyàn láti òkè awò ojú rẹ̀ bí ẹni ń wo ẹja tó ti ń rùn. Nígbà kan, Ẹnu Kóòtù bẹ lọ́yà kan pé kó tún ọ̀rọ̀ rẹ̀ sọ, adájọ́ sì bi í bóyá inú àpò ló gbé etí rẹ̀ sí. Gbogbo kóòtù rẹ́rìn-ín. Láti ìgbà náà, bí ọ̀rọ̀ kan ò bá yé e, kì í béèrè mọ́. Á gbé e mì bí ẹni gbé egungun ẹja mì, á sì sọ ohun tó bá rò pé ó jẹ́. Egungun náà ò tíì há a lọ́fun rí.

Ẹjọ́ tó wà nílẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ tí à ń wí yìí jẹ́ ti obìnrin oníbúrẹ́dì kan àti ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀. Obìnrin náà àti ọkọ rẹ̀ ló jọ fọwọ́ ara wọn kọ́ ilé búrẹ́dì wọn, wọ́n jọ to bíríkì ààrò rẹ̀ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Nígbà tí ọkọ kú, tí àwọn tó wá dárò ò tíì lọ tán, ẹ̀gbọ́n ọkọ kó àwọn géńdé kan dání wá síbẹ̀. Ó fa àga, ó jókòó sẹ́nu ààrò, ó ní ohun tí ọmọ ìyá òun kọ́ ò ní í wà lọ́wọ́ ẹni ẹlẹ́ni. Kí oòrùn tó wọ̀, obìnrin náà ti yọ kọ́kọ́rọ́ lọ́rùn, ó gbé e lé e lọ́wọ́, ó sì sọ lójú gbogbo èèyàn pé òun fi sílẹ̀ fún un.

Ohun tí kóòtù fẹ́ mọ̀ kò ju ẹyọ kan lọ. Bí obìnrin yìí bá fi ìfẹ́ inú ara rẹ̀ fi í sílẹ̀, ilé búrẹ́dì ti lọ nìyẹn. Bó bá jẹ́ pé wọ́n dẹ́rù bà á ni, wọ́n á dá a padà fún un. Kò sí ẹ̀kẹta.

Lọ́yà tó ń gbẹjọ́ rẹ̀ rò jẹ́ ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí Gẹ̀ẹ́sì dùn mọ́ lẹ́nu. Bí ọ̀rọ̀ tó rọrùn àti èyí tó le bá jọ wà nílẹ̀, èyí tó le ni yóò mú. Ó bi obìnrin náà ní ìbéèrè nípa àwọn géńdé náà, nípa ibi tí wọ́n dúró sí, nípa ẹni tó ti ilẹ̀kùn. Lẹ́yìn náà ló fa ẹ̀wù lọ́yà rẹ̀ tọ́, ó ní, “They cowed you, did they not?”

Ọ̀rọ̀ náà bá Ẹnu Kóòtù lójijì. Kò gbọ́ ọ rí. Ó wo adájọ́, adájọ́ náà sì ń wò ó láti òkè awò ojú. Bó bá béèrè, wọ́n á tún rẹ́rìn-ín. Ó yára rò ó: “cow” ni màlúù, kò sí ọmọ ilé ìwé tí kò mọ ìyẹn. Ẹni tí wọ́n bá sì “cow,” á jẹ́ pé wọ́n ti sọ ọ́ di màlúù. Àwa náà kúkú ń bú èèyàn ní màlúù bí orí rẹ̀ ò bá pé. Bí ó ṣe gbé egungun náà mì nìyẹn.

Ó yíjú sí obìnrin náà. “Ẹ̀yin ìyá, lọ́yà ní wọ́n sọ yín di màlúù, àbí wọn ò ṣe bẹ́ẹ̀?”

Obìnrin náà kọ́kọ́ rò pé òun ò gbọ́ dáadáa. “Màlúù kẹ̀?”

“Màlúù ló wí.”

“Èmi?” Ó na ọrùn, inú sì bí i dénú egungun. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti gba ilé búrẹ́dì lọ́wọ́ rẹ̀, ohun tó kù ún kù ò ju iyì lọ, lọ́yà tó sì yẹ kó gbèjà rẹ̀ ló tún fẹ́ gba ìyẹn náà. “Ẹ bá mi sọ fún un pé wọn ò sọ mí di màlúù. Kò sẹ́ni tó jẹ́ dán an wò. Orí mi pé. Èmi tí mò ń po ìyẹ̀fun kí ilẹ̀ tó mọ́, tí mo mọ ìgbà tí ìwúkàrà ti bàjẹ́ láti òórùn rẹ̀ nìkan. Kó má pè mí bẹ́ẹ̀ mọ́.”

Ẹnu Kóòtù kọjú sí adájọ́. Ó ní obìnrin náà sọ pé rárá, kò sẹ́ni tó “cow” òun, kò sì sẹ́ni tó jẹ́ dán an wò, orí òun pé.

Lọ́yà ya ẹnu, kò sì rántí pa á dé. Lọ́yà kejì, tó ń gbẹjọ́ ẹ̀gbọ́n ọkọ rò, fi ọwọ́ bo ẹ̀rín. Adájọ́ kọ ọ́ sílẹ̀. Ó ní kí wọ́n lọ jẹun, bí wọ́n bá dé, bí kò bá sí ohun mìíràn, òun ti mọ ohun tí òun máa sọ lórí ẹjọ́ náà.

Nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀, lọ́yà bá Ẹnu Kóòtù níbi tó ti ń mu omi. “Kí ló ṣe ìyá yẹn? Mo la ọ̀nà fún un, mo bi í bóyá wọ́n dẹ́rù bà á, ó ní rárá. Ẹnu ara rẹ̀ ló fi pa ẹjọ́ ara rẹ̀.” Ó mi orí, ó kọjá lọ.

Ẹnu Kóòtù gbé ife sílẹ̀. Ẹ̀rù? Kò rántí pé lọ́yà dárúkọ ẹ̀rù. Egungun ẹja ti há.

Ó wọ yàrá àwọn kíláàkì lọ. Ìwé atúmọ̀ èdè ńlá kan wà níbẹ̀ tí ẹ̀yìn rẹ̀ ti já, òun ni wọ́n fi ń gbé fèrèsé ró kí atẹ́gùn lè wọlé. Ó yọ ọ́, fèrèsé wó lulẹ̀ gbà. Ó ṣí i, ó sì rí “cow” méjì tí wọ́n tò tẹ̀ léra. Orúkọ kan náà ni wọ́n ń jẹ́, ṣùgbọ́n ìyá kan ò bí wọn. Àkọ́kọ́ ni ẹran tó ń jẹ koríko. Ìkejì ni kí a máa halẹ̀ mọ́ èèyàn títí ọkàn rẹ̀ yóò fi já. Ìwé náà ní ó jọ pé lẹ́nu àwọn atukọ̀ apá àríwá ayé àtijọ́ ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì ti mú un, àti pé ohun tí ọ̀rọ̀ náà jẹ́ lẹ́nu wọn ni kí a tẹ èèyàn lórí ba, kí a ni ín lára. Kò bá màlúù tan níbì kankan.

Kò jìnnà síbẹ̀ ni ó ti rí “coward,” ọ̀rọ̀ tí wọ́n fi ń pe ojo. Ìyẹn ní tirẹ̀ wá láti ara ọ̀rọ̀ àtijọ́ kan tó túmọ̀ sí ìrù, bóyá nítorí pé ajá tí wọ́n bá nà a máa ki ìrù bọ itan. Ẹnu Kóòtù ka ìyẹn lẹ́ẹ̀mejì. Ó ṣe é bíi pé ẹni tó kọ ìwé náà mọ̀ ọ́n.

Àǹtí Kíláàkì wọlé pẹ̀lú abọ́ oúnjẹ rẹ̀. Òun ló dàgbà jù ní ọ́fíìsì, ó ti rí adájọ́ tó wá tó sì lọ. “Ta ló wó fèrèsé mi?”

Ẹnu Kóòtù sọ gbogbo rẹ̀ fún un. Àǹtí Kíláàkì rẹ́rìn-ín títí ó fi wá àga jókòó. “Màlúù! O ò ní pa mí. Bí òyìnbó bá wá gbọ́ tí a ní wọ́n kó èèyàn láyà jẹ, kó lọ sọ fún adájọ́ pé wọ́n kó àyà obìnrin, wọ́n jẹ ẹ́, ṣé wọn ò ní ránṣẹ́ pe ọlọ́pàá?” Ìgbà tó nu ojú rẹ̀ tán, kò rẹ́rìn-ín mọ́. “Adájọ́ ti kọ ọ́ sílẹ̀?”

“Ó ti kọ ọ́.”

“Ẹyin lọ̀rọ̀, o mọ̀. Àmọ́ kóòtù lèyí, wọ́n lè kó o jọ bí o bá tètè sọ.”

“Àǹtí, wọ́n á ní kí n máa lọ sílé.”

“Ó ṣeé ṣe. Bí o ò bá sì sọ ọ́, obìnrin yẹn ni wọ́n á ní kó máa lọ, kò sì ní ibi tó ń lọ.”

“Ẹ̀rù adájọ́ ń bà mí.”

““Cow” kejì tó wà nínú ìwé yẹn náà nìyẹn. Ó ti pẹ́ tí wọ́n ti ṣe é fún ọ.” Ó ṣí abọ́ rẹ̀. “Fi ìwé mi padà sí fèrèsé kí o tó lọ.”

Nígbà tí kóòtù jókòó, kí adájọ́ tó la ẹnu, Ẹnu Kóòtù dìde. Láti ìgbà tó ti ń ṣiṣẹ́ ní gbọ̀ngàn náà, kò tíì sọ ọ̀rọ̀ kan níbẹ̀ tó jẹ́ tirẹ̀. Ọ̀rọ̀ olè ló ń sọ, ọ̀rọ̀ ọlọ́pàá, ọ̀rọ̀ ọkọ àti aya tó ń kọ ara wọn. Gẹ̀ẹ́sì tirẹ̀ wá ń kọsẹ̀.

“Olúwa mi,” ó ní, nítorí bí wọ́n ṣe ń pe adájọ́ nìyẹn, ì báà jẹ́ obìnrin, “ògbufọ̀ ṣì ọ̀rọ̀ túmọ̀ láàárọ̀.”

Awò ojú sọ̀ kalẹ̀. “Kí lo sọ fún un?”

“Mo ní wọ́n sọ ọ́ di màlúù.”

Ẹ̀rín bú. Ọlọ́pàá ẹnu ọ̀nà náà ò lè mú un mọ́ra. Adájọ́ nìkan ni kò rẹ́rìn-ín.

“Ọ̀rọ̀ tí kò yé ọ, kí ló dé tí o ò béèrè?”

Irọ́ tó dára pọ̀ nílẹ̀. Ó lè ní ariwo ni, ó lè ní orí ń fọ́ òun. Ó ní, “Ẹ̀rù yín ló bà mí, Olúwa mi.”

Ẹ̀rín náà tán. Adájọ́ yọ awò ojú, ó gbé e sórí tábìlì. Lọ́yà kejì dìde, ó ní ìdáhùn ti wà nílẹ̀, a kì í bi ẹlẹ́rìí ní ìbéèrè kan lẹ́ẹ̀mejì. Adájọ́ ní kó jókòó. “Wọn ò tíì bi í ní ẹ̀ẹ̀kan,” ó ní. “Bi í. Bi í dáadáa.”

Ẹnu Kóòtù yíjú sí obìnrin náà. “Ẹ̀yin ìyá, ẹ má bínú. Lọ́yà yín ò bú yín, èmi ni mo ṣì í sọ. Ohun tó bi yín ni pé, lọ́jọ́ tí wọ́n wá sẹ́nu ààrò, ṣé wọ́n halẹ̀ mọ́ yín? Ṣé wọ́n kó yín láyà jẹ, tí ẹ fi yọ kọ́kọ́rọ́ lọ́rùn?”

Ojú obìnrin náà kọ́kọ́ tú ká, nítorí ó yé e pé wọn ò bú òun. Ó la ẹnu. Ó sì ṣèèṣì wo àga iwájú.

Ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀ ló jókòó síbẹ̀. Ó kàn tẹ̀ síwájú, ó gbé ìgúnpá lé eékún, ó ń wò ó. Bí ó ṣe jókòó sẹ́nu ààrò lọ́jọ́ náà gẹ́lẹ́ ni. Obìnrin náà pa ẹnu dé. Ó ń fi àtẹ́lẹwọ́ nu aṣọ rẹ̀, bí ẹni tí ìyẹ̀fun wà lọ́wọ́ rẹ̀.

Gbogbo kóòtù dúró dè é. Ẹnu Kóòtù mọ̀ pé bó bá ní rárá nísinsìnyí, rárá náà ni òun máa sọ, kì yóò sì sí àṣìsọ kankan níbẹ̀ tí ẹnikẹ́ni lè tún ṣe. Omi ti ń tán lẹ́yìn ẹja. Ó fẹ́ bẹ̀ ẹ́ pé kó sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n iṣẹ́ rẹ̀ ò gba ẹ̀bẹ̀.

Nígbà tó yá, obìnrin náà yí sí i, ó rẹ ohùn sílẹ̀, bí ìgbà tí èèyàn méjì bá ń sọ̀rọ̀ ní kọ̀rọ̀ ilé. “Ẹ̀yin náà ẹ bá mi wò ó. Ṣé mo lè dáhùn ìyẹn, nígbà tó jókòó síbẹ̀ tó ń wò mí?”

Lọ́yà kejì ti dìde. Ó ní ẹlẹ́rìí ò dáhùn, kí kóòtù kọ ọ́ bẹ́ẹ̀.

“Kí ló sọ?” ni adájọ́ bi ògbufọ̀.

Ẹnu Kóòtù lè fi iyọ̀ sí i. Ó lè ní obìnrin náà ní bẹ́ẹ̀ ni, ta ni ì bá mọ̀? Kò fi kún un, kò sì yọ níbẹ̀. Òfin iṣẹ́ wọn ni pé bí ẹlẹ́rìí bá wí pé “mo,” ògbufọ̀ náà á wí pé “mo.” Ó wo adájọ́ lójú, ó sọ ọ́ lédè Gẹ̀ẹ́sì bó ṣe rí: ṣé mo lè dáhùn ìyẹn, nígbà tó jókòó síbẹ̀ tó ń wò mí?

Adájọ́ wo ọkùnrin tó wà lága iwájú. Gbogbo èèyàn yíjú, àwọn náà wò ó. Ọkùnrin náà ṣì tẹ̀ síwájú, ìgúnpá rẹ̀ ṣì wà lórí eékún, kò sì tètè mọ ibi tí òun máa gbé ojú òun sí.

Adájọ́ mú gègé, ó kọ ọ́ sílẹ̀, ó sì sọ ọ̀rọ̀ kúkúrú kan. Ẹnu Kóòtù yí padà sọ́dọ̀ obìnrin oníbúrẹ́dì.

“Adájọ́ ní ẹ ti dáhùn.”