Ohun tí Dúrótìmí Bá Òkúta Sọ

"Wọ́n ní òkúta ni... Èmi kọ́ ni mo sọ ọ́ o. Wọ́n ní Bùrọ̀dá Dúrótìmí ń fọ̀ ọ́ bí ẹni ń wẹ ọmọ, pé orúkọ ẹnì kan ló sì ń..."

Auntie Medinat ká ọ̀rọ̀ náà kò bí Keziah ṣe gbé tíì wọ pálọ̀. Tíì ìyá Keziah nìkan ni; Auntie Medinat, aládùúgbò wọn, wà lẹ́nu àwẹ̀.

"Orúkọ ta?" ni Mummy Leah, ìyá Keziah, béèrè.

Auntie Medinat wo orúnkún Mummy Leah tó wú bí ìyẹ̀fun búrẹ́dì tí a pò. Ìyẹn gan-an ni èsì.

Láti ìbẹ̀rẹ̀ òtútù ni Uncle Dúrótìmí, ayálégbé wọn, ti gba yàrá kékeré nínú fláàtì wọn ní Thamesmead, nílùú òyìnbó. Ó ń nu ilẹ̀ ní kóòtù Belmarsh. Kì í pariwo, kì í bá wọn jẹun. Kò pẹ́ tó dé ni orúnkún Mummy Leah bẹ̀rẹ̀ sí í wú. Keziah, tí ìyá rẹ̀ kọ́ níwèé nílé, tí kì í yanu láàárín àgbà, ti so méjèèjì pọ̀ nínú ọkàn rẹ̀.

Keziah ṣáà ti bi Uncle léèrè rí nípa òkúta tó gbé ti ilé wá. Òkúta pẹlẹbẹ ni, ó tẹ́ bí àwo.

"Ara Òkè Abọ́ṣọ ni, lágbègbè wa lókè lọ́hùn-ún, ní àríwá Ọ̀yọ́," ni Uncle wí. "Inú ilẹ̀ jíjìn ló ti dì, nígbà tó gbóná ju iná lọ. Nígbà tí àgbàrá wọ́ erùpẹ̀ orí rẹ̀ kúrò, ó na ara, awọ rẹ̀ wá ń bó ní ìpele-ìpele bí àlùbọ́sà. Bí wọ́n ṣe kọ́ mi ní kọ́lẹ́ẹ̀jì nìyẹn. Àwọn bàbá wa ní aṣọ ló ń bọ́. Ẹni tó bá ń re ìdálẹ̀, èyí tó bó fúnra rẹ̀ ló ń mú dání. A kì í gbẹ́ ẹ."

"Kí lẹ wá máa ń bá a sọ, Uncle?"

"Ìyẹn ò ṣe é sọ. Ẹni tó bá òkè sọ̀rọ̀ kì í fi ẹnu ara rẹ̀ tún un sọ."

Ẹ̀rín ló fi sọ ọ́, àmọ́ ẹ̀rín náà ò tẹ́ Keziah lọ́rùn. Láti ọjọ́ náà ló ti ń wọ́n omi àdúrà sí ẹnu ọ̀nà yàrá Uncle.

Nígbà tí Uncle fi máa ti ibi iṣẹ́ dé lọ́sàn-án yẹn, báàgì rẹ̀ ti wà lẹ́nu ọ̀nà. Òkúta wà nínú ìkólẹ̀, nítorí kò sẹ́ni tó fẹ́ fọwọ́ kàn án.

"Bùrọ̀dá," ni Mummy Leah wí, "kí lẹ ń fi orúkọ mi sọ fún òkúta?"

Uncle wo inú ìkólẹ̀. "Màmá Keziah, mi ò lè sọ ọ́."

"Ṣé ẹ rí i," ni Auntie Medinat wí.

"Ẹ máa lọ nígbà náà," ni Mummy Leah wí. "Ilẹ̀ ò tíì ṣú, ẹ ṣì máa rí bọ́ọ̀sì ní Harrow Manorway."

Uncle bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó gbé báàgì. Ìgbà náà ni ọ̀rọ̀ tó sọ lọ́jọ́sí padà wá sí Keziah lọ́kàn. Ẹnu ara rẹ̀. Ẹnu ara rẹ̀ nìkan ni èèwọ̀ mú. Ẹlòmíràn tó bá gbọ́ ọ lè tún un sọ.

"Auntie Medinat, ẹ jọ̀ọ́ ma. Ta ni 'wọ́n' tí ẹ ń sọ?" ni Keziah béèrè.

"Wọ́n wo?"

"Wọ́n tó gbọ́ ọ."

Auntie Medinat tún ìbòrí rẹ̀ ṣe. "Bálíkónì wa ló kángun síra. Etí ò ní ìlẹ̀kùn."

"Ẹnu àwẹ̀ lẹ wà, ma. Ẹ bá wa sọ ọ́ bó ṣe sọ ọ́."

Mummy Leah ìbá ti ní kó panu mọ́, àmọ́ ó yíjú sí aládùúgbò rẹ̀. "Ẹ dá ọmọ lóhùn, Medinat. Kì í sọ̀rọ̀ tẹ́lẹ̀."

Obìnrin tí ebi ti ń pa láti ìdájí kì í fi irọ́ ba ebi náà jẹ́. Auntie Medinat wo ilẹ̀.

"Ó ní: 'Òkè Abọ́ṣọ, èmi Dúrótìmí ọmọ rẹ ni. Ilé Leah, ìyá Keziah, ni mo wà. Orúnkún ń dùn ún. Bá wa bẹ Ọlọ́run fún un. Bí mo bá kú sílùú yìí, òun ni yóò rí i pé o délé dípò mi. Kò sí ẹlòmíràn níbí tí mo lè fi ara mi lé lọ́wọ́.'"