Olùwò Kì í Wọ Ọkọ̀

Ọjọ́ kejìdínlógójì lẹ́yìn ikú ìyá rẹ̀ ni Gafarou aránṣọ tún sọ̀kalẹ̀ nínú ọkọ̀ bàṣé, ọkọ̀ akérò onítapólì, ní Savalou. Ara rẹ̀ nìkan ló sọ̀kalẹ̀.

Ní ilẹ̀ tí à ń sọ yìí, ọmọdé pàápàá mọ̀ pé inú méjì ni ènìyàn ní. Olùṣe ló ń jẹun, Olùwò ló ń mọ̀ pé oúnjẹ dùn. Olùṣe ló ń sin òkú, Olùwò ló ń ṣọ̀fọ̀. Láyé ìgbà tí wọ́n ń fẹsẹ̀ rin ọ̀nà Bantè sí Savalou, àwọn méjèèjì kì í fi ara wọn sílẹ̀. Ọkọ̀ ló da nǹkan rú, nítorí Olùwò kì í wọ ọkọ̀. Bí ọkọ̀ bá ti gbéra, á bọ́ sílẹ̀, á máa fẹsẹ̀ rìn bọ̀ lẹ́yìn. Ìdí nìyí tí wọ́n fi kọ́ ahéré ìdúró sí ibùdókọ̀. Ẹni tó bá dé láàárọ̀ á jókòó síbẹ̀, á kọjú sí ọ̀nà tó gbà wá. Nígbà tí oòrùn bá ń rọ̀, á yán lẹ́ẹ̀mẹta. Olùwò ti wọlé nìyẹn, ó lè máa lọ.

Nínú oṣù kẹta ọdún 1978, Gafarou wọkọ̀ láti ilé ìyá rẹ̀ ní Bantè padà sí Savalou, kò sì dúró. Aṣọ kaki mọ́kàndínlọ́gbọ̀n ló kù tí yóò rán fún àwọn ọmọ iléèwé, ọ̀gá iléèwé náà sì ti fi ọ̀rọ̀ gún un lára lẹ́ẹ̀mejì. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó fipá yán lẹ́ẹ̀mẹta, ó sì bá tirẹ̀ lọ. Nígbà tí Olùwò rẹ̀ dé, ó bá àga lófìfo, ó yí padà sí Bantè. Gafarou wọkọ̀ lọ bá a níbẹ̀; kó tó débẹ̀, Olùwò ti tún gba ọ̀nà Savalou wá a lọ. Oṣù mẹ́jọ ni wọ́n fi wá ara wọn báyìí. Ó ń rán ṣòkòtò, kò mọ èyí tó gún. Ó ń jẹ ata bí ẹni ń jẹ ẹ̀kọ. Kò sì lè jókòó: bí ìdí rẹ̀ bá ti kan àga, ẹsẹ̀ á ní kó dìde, ẹsẹ̀ kò sì ní sọ ibi tí wọ́n ń lọ.

Inú ìwákiri yìí ni ìyá rẹ̀ kú sí ní Bantè. Wọ́n ti sin ín kí Gafarou tó dé láti Savalou. Ó dúró létí sàréè, ojú rẹ̀ gbẹ bí ewé ọyẹ́, ó sì ń béèrè lọ́wọ́ àwọn ènìyàn bóyá wọ́n rí okùn ìwọnṣọ òun. Rissikatou, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin tó tọ́jú ìyá wọn títí dé òpin, wò ó tìtì. Ó ní bó bá jẹ́ ojú yìí ni yóò gbé wá síbi àdúà ogójì ọjọ́ ìyá wọn, kó má wọ ilé òun.

Ọ̀rọ̀ náà kọjá ìtìjú. Olùwò tí kò bá rí ara rẹ̀ kí àdúà ogójì ọjọ́ ẹni tó kú nílé rẹ̀ tó bẹ̀rẹ̀, òkú ni yóò bá lọ. Ọjọ́ méjì ló kù.

Bàbá Tidjani, tó ń gbá ahéré ìdúró náà, ni Gafarou kó ọ̀rọ̀ náà tọ̀ lọ lọ́jọ́ tó sọ̀kalẹ̀ yẹn. Ó ń sọ ọ́, ó ń rìn yí àga ká.

Bàbá rẹ́rìn-ín. “Aránṣọ tó fipá yán nínú ahéré mi. Jókòó, á bá ọ níbí.”

“Bàbá, mi ò lè jókòó.”

“Mo mọ̀. Olùṣe nìkan kì í mọ ìgbà tó yẹ kó dúró. Ojoojúmọ́ lẹ ń pàdé lọ́nà, àmọ́ ọkọ̀ ń gbé ọ sá kọjá. Bí o kò bá lè jókòó, máa rìn. Fẹsẹ̀ rìn lọ sí Bantè.”

Gafarou kò tilẹ̀ padà lọ ti ṣọ́ọ̀bù. Ó rìn lọ́jọ́ náà, ó sùn lọ́dọ̀ ẹni tí kò mọ̀ rí, ó tún rìn. Bàtà rẹ̀ já lọ́jọ́ kejì, ó fi ọwọ́ gbé e. Lọ́sàn-án ọjọ́ kẹta, lábẹ́ igi kajú kan, nígbà tó kù díẹ̀ kó wọ Bantè, ó yán. Ó yán lẹ́ẹ̀kejì. Ẹ̀kẹta di ẹkún.

Gbogbo ohun tí Olùwò ti rí ló bá a wọlé. Àṣé ó wà ní Bantè lọ́jọ́ tí ìyá kú. Orí ẹní ló jókòó sí, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibùsùn. Ẹni tó ń kú a máa rí Olùwò, ìyá sì rí i, ó bá a sọ̀rọ̀ títí ẹ̀mí fi bọ́.

Nígbà tó dé ilé, àwọn alùfáà kò tíì dé. Rissikatou ń tẹ́ ẹní. Ó rí ojú rẹ̀ tó pọ́n, kò lé e.

“Ẹ̀gbọ́n mi, mo wà níbẹ̀,” ni Gafarou wí. “Ìyá ní, ‘Gafarou, o jókòó lónìí. Má dìde mọ́.’”

Ẹní bọ́ lọ́wọ́ Rissikatou. Òun nìkan ló wà ní yàrá pẹ̀lú ìyá lọ́jọ́ náà.

“Ìyá kẹ̀yìn sí mi,” ó rọra wí. “Láti àárọ̀ ló ti ń bá ẹní òfìfo sọ̀rọ̀. Ọdún méjì ni mo fi ń wẹ̀ ẹ́, mo ń fún un lóúnjẹ. Mo rò pé àìsàn ló ń dà á láàmú. Àṣé ìwọ ló ń bá sọ̀rọ̀. Ǹjẹ́ ó dárúkọ mi?”

Ì bá rọ Gafarou lọ́rùn kó sọ pé bẹ́ẹ̀ ni. Bó bá jẹ́ àná ni, nígbà tí Olùwò kò tíì wọlé, ì bá ti sọ ọ́.

“Kò dárúkọ yín. Ó ní ọwọ́ tó di òun mú tutù, pé kí n má jẹ́ kó tú òun sílẹ̀.”

Rissikatou wo ọwọ́ ara rẹ̀. Aṣọ ìyá ló ń fọ̀ lọ́jọ́ náà kó tó wá dì í mú. Ó bẹ̀rẹ̀, ó gbé ẹní náà, ó tẹ́ ẹ dáadáa, ó sì na ọwọ́ sí orí rẹ̀ fún àbúrò rẹ̀. Gafarou jókòó. Àwọn alùfáà ń wọlé bọ̀. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ṣì ń ní kó dìde, ó fi ọwọ́ méjèèjì tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀.