Ọkọ̀ Èkùrọ́ Tó Rì sí Ọ̀sà Ẹ̀pẹ́

Ní ẹ̀sítéètì tí Fọláwùmí ń gbé n'Ítamága, n'Ìkòròdú, gbogbo ayé rò pé ẹja ló ń tà. Ẹni tó ń lọ Ẹ̀pẹ́ ní gbogbo Sátidé, tó ń bọ̀ tòun ti ẹrẹ̀ lẹ́sẹ̀, kí ni kí wọ́n pè é? Tó bá ní ọkọ̀ ojú omi tó rì láyé ogun Hítílà lòun ń wá, tóun ń kọ ìtàn wọn sílẹ̀, wọ́n á ní, "Ó dáa, ẹ bá wa mú ọ̀bọ̀kún bọ̀."

Sátidé yìí, Bàbá Àlímì ló gbé dání sínú ọkọ̀ Salman, ọ̀dọ́mọkùnrin atukọ̀ kan l'Ẹ̀pẹ́. Bàbá ti lé lọ́gọ́rin ọdún. Ọmọ ọwọ́ ni wọ́n nígbà ogun yẹn, tí bàbá wọn wa ọkọ̀ ìjọba tó kún fún èkùrọ́ kúrò l'Ẹ̀pẹ́, tí ò dé Èkó. Ará ìlú ní ó ta ẹrù ìjọba, ó sì lọ fẹ́yàwó sí Kùtọnu. Títí dòní, tí Bàbá bá pẹ́ dé ìpàdé, wọ́n á ní, "Ẹ lọ wò ó ní Kùtọnu."

Lọ́jọ́ Ajé, àwọn tó ń wa yanrìn máa bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lójú omi yẹn, ẹ̀rọ wọn á sì fọ́ ohunkóhun tó bá wà nísàlẹ̀. Tí Fọláwùmí àti Bàbá ò bá rí ọkọ̀ lónìí, olè ni ará ìlú á máa pe òkú ọ̀hún lọ.

"Ibi tí àwọ̀n ti máa ń há ni," Bàbá ní. "Wọ́n ní kùkùté igi ni. Tí ilé gogoro mọ́ṣáláṣí bá ti tò sẹ́yìn àgbọn etí omi yẹn, tí ọ̀pá ọkọ̀ ò kan ilẹ̀ mọ́, o ti débẹ̀."

Fọláwùmí sọ ẹ̀rọ tó ń fi ohùn wo ìsàlẹ̀ omi sínú ọ̀sà. Wọ́n lọ, wọ́n bọ̀. Ẹrẹ̀. Wọ́n tún lọ. Ẹrẹ̀ àti táyà kan.

"Àǹtí," Salman ní, "ọkọ̀ yín ti di mọ́tò o."

Bàbá ò rẹ́rìn-ín.

Fọláwùmí tẹjú mọ́ èbúté. "Bàbá, mọ́ṣáláṣí yẹn mà ń dán. Ìgbà wo lẹ kọ́ ọ?"

"Kò tíì pé ọdún mẹ́wàá! Èmi gan-an ni mo ṣe àdúà ìpìlẹ̀ ẹ̀."

"Ṣé ojú ibi tí ti àtijọ́ wà náà ni?"

"Rárá o. A sún un sápá ọ̀tún, kí mọ́tò lè ríbi..." Bàbá yíjú sí ilé gogoro tuntun náà.

Salman bú sẹ́rìn-ín. "Ẹ̀yin lẹ sún ọkọ̀ bàbá yín kúrò!"

"Pa ẹnu ẹ mọ́, kó o yí ọkọ̀ padà!"

Bàbá fojú wá ibi tí ilé gogoro àtijọ́ dúró sí tẹ́lẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ táǹkì omi kan. Wọ́n tò ó mọ́ àgbọn. Kò pẹ́, nǹkan gígùn kan tó ṣóńṣó lórí yọ lójú ẹ̀rọ.

Fọláwùmí de àgbá afẹ́fẹ́ tí wọ́n fi ń mí lábẹ́ omi mọ́ ẹ̀yìn, ó bẹ́ sómi. Ìsàlẹ̀ ṣú biribiri. Ọwọ́ ló fi ń wò. Irin tútù. Orí ìṣó, ọ̀kan tẹ̀lé òmíràn. Ó na ọwọ́ sínú ọkọ̀, nǹkan róbótó-róbótó sì kún un lọ́wọ́.

Ó mú ẹyọ kan gòkè, ó fi í sí àtẹ́lẹwọ́ Bàbá. Èkùrọ́ ni, ó dúdú bí èédú.

"Mélòó ló wà níbẹ̀?"

"Ó kún dẹ́nu, Bàbá. Bàbá yín ò ta nǹkan kan."

Bàbá di ọwọ́ mọ́ ọn.

"Bàbá, ẹ dákun, mo ní láti ya fọ́tò ẹ̀."

"Yà á mọ́ mi lọ́wọ́."

Bàbá la ọwọ́, àmọ́ wọ́n ń yí èkùrọ́ ọ̀hún wò ṣáá. Fọ́tò ẹlẹ́ẹ̀kẹrin ló tó dáa.