Òkè Kékeré Inú Súfèé

Kí àwọn alábàárù méjì kan tó ti ọmọlanke kọjá ẹnu ọ̀nà, Máfọwọ́kàn-án ti ki bàtà rẹ̀ bọ abẹ́ táyà rẹ̀ ti iwájú. Ọmọlanke dúró gbọ̀n-ọ́n. Páálí mẹ́ta yọ̀ láti òkè, ọ̀kan là, téèpù pẹlẹbẹ aláwọ̀ ilẹ̀ sì tú jáde sórí sìmẹ́ńtì bí okùn tí kò lópin.

"Bàbá, ẹ yọ ẹsẹ̀ yín o," ni ọ̀kan nínú wọn wí. "A ò lówó ilé ìwòsàn."

"Èmi náà ò ní i. Ẹ dá a padà."

"Ọ̀gá ló ní ká lọ dà á sí ààtàn."

Ọ̀dọ́mọbìnrin kan sáré gun àtẹ̀gùn bọ̀ láti ìsàlẹ̀, ó ń mí gúlegúle. "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dá a padà. Ọ̀gá ti fún wa di aago mẹ́rin."

Àwọn alábàárù wo ara wọn. Wọ́n wo bàtà Bàbá. Wọ́n fa ọmọlanke padà.

Olùtọ́jú ni wọ́n ń pe ọ̀dọ́mọbìnrin náà, nítorí òun ló ń tọ́jú yàrá ìpamọ́ téèpù nílé iṣẹ́ rédíò yìí. Igba téèpù ó lé méjìlá ni wọ́n fẹ́ dànù. Ọdún kan ṣoṣo ni wọ́n fi gba gbogbo wọn sílẹ̀, ọdún tí ilé iṣẹ́ náà rán ọkọ̀ kan kiri láti gba ohùn àwọn èèyàn níbi iṣẹ́ wọn: agégẹdú, atukọ̀, alágbàfọ̀, àwọn tó ń fọ́ òkúta. Kò sẹ́ni tó tún gba ohùn wọn mọ́ lẹ́yìn náà, ọ̀pọ̀ nínú wọn sì ti kú. Nísinsìnyí, wọ́n ń da ohun tó wà nínú gbogbo téèpù kọ sínú kọ̀ǹpútà. Ọ̀gá gbọ́ mẹ́ta nínú ti ọdún yẹn, kò gbọ́ ọ̀rọ̀ kan ní àgbọ́yé. "Ohùn tí etí ò lè mú, pàǹtí ni," ni ó wí. Ẹ̀bẹ̀ ni Olùtọ́jú fi gba di aago mẹ́rin ọjọ́ náà, kó tó wá Máfọwọ́kàn-án kàn, ọkùnrin tó ti tọ́jú ẹ̀rọ níbẹ̀ fún ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n kó tó fẹ̀yìn tì.

Kì í ṣe ìyá rẹ̀ ló sọ ọ́ ní Máfọwọ́kàn-án. Ọ̀rọ̀ tó máa ń sọ sí ẹnikẹ́ni tó bá sún mọ́ ẹ̀rọ rẹ̀ ni, títí ó fi di orúkọ. Ìwé mẹ́rin péré ló kà kó tó kúrò nílé ẹ̀kọ́, ṣùgbọ́n àwọn onísáàtífíkéètì ló máa ń tò síwájú tábìlì rẹ̀ nígbà tí ẹ̀rọ bá yadi. Ó mọ̀ bẹ́ẹ̀. Kò sì fi pa mọ́ fún wọn.

Ẹ̀rọ ti ara rẹ̀ ló gbé wá láti ilé, ó wúwo bí ọmọ màlúù. Láàárọ̀, nígbà tí òun àti awakọ̀ takisí ń gbé e sínú ọkọ̀, ìyàwó rẹ̀ dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó káwọ́ gbera.

"Téèpù ọdún Abẹ́rẹ́ ni, àbí?"

"Òun ni."

"Ọdún kẹrìndínlọ́gbọ̀n rèé. Ìbínú yín yìí, ṣé òun ò tíì tó fẹ̀yìn tì ni?"

"Bí ẹni tó ṣu bá gbàgbé, ẹni tó kó o kò ní gbàgbé," ni ó dá a lóhùn, ó sì pa ilẹ̀kùn ọkọ̀ dé gbàgà.

Abẹ́rẹ́ ni àbúrò rẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́ nígbà náà, ọkùnrin tíńrín tí etí rẹ̀ mú ju ti ajá lọ. Máfọwọ́kàn-án ló máa ń to ẹ̀rọ ìgbohùnsílẹ̀ kí wọ́n tó gbé e kúrò nílé iṣẹ́. Abẹ́rẹ́ ló máa ń bá a lọ nínú ọkọ̀. Jálẹ̀ ọdún yẹn, gbogbo ohun tí wọ́n gbà ló dùn lórí ẹ̀rọ tó gbà á. Ìgbà tí ẹ̀rọ náà kú, tí wọ́n gbé téèpù sórí òmíràn, ni àṣírí tú: gbogbo ohùn náà di bí ẹni ń sọ̀rọ̀ lábẹ́ ìrọ̀rí. Orí ẹ̀rọ, ìyẹn irin kékeré tí téèpù máa ń fara kàn bó ti ń kọjá kí ohùn tó lè wọlé tàbí jáde, kò dúró ṣánṣán lórí ẹ̀rọ àkọ́kọ́. Ẹnì kan ti yí i. Nígbà tí àwọn aṣèwádìí jókòó, Máfọwọ́kàn-án ló tọ́ka: Abẹ́rẹ́ ló fọwọ́ kàn án lójú ọ̀nà. Abẹ́rẹ́ kò jiyàn. Wọ́n dá a dúró lẹ́nu iṣẹ́. Lójú Máfọwọ́kàn-án, àìjiyàn yẹn tó ẹ̀rí. Láti ìgbà náà, kò ra gílóòbù kan rí ní òpópónà tí Abẹ́rẹ́ ṣí ṣọ́ọ̀bù àtúnṣe rédíò rẹ̀ sí. Òpópónà méjì ló máa ń yí po kí ojú wọn má baà ṣe mẹ́rin.

Nísàlẹ̀, ó gbé ẹ̀rọ ka tábìlì, ó sì ṣí ìdérí rẹ̀. Lára súkúrù tó di orí ẹ̀rọ mú, èdìdì pupa kan wà níbẹ̀, ọ̀dà èékánná ìyàwó rẹ̀ tó ti fi kán an lójú pa kí súkúrù náà má baà yẹ̀ láé.

Olùtọ́jú ka ìwé pélébé inú páálí tó kọ́kọ́ ṣí. Yíǹkì pupa ni, lẹ́tà gàdàgbà gàdàgbà. "'Orí ẹ̀rọ yí. Abẹ́rẹ́ ló fọwọ́ kàn án.' Inú gbogbo páálí ló wà. Bàbá, ta ló kọ eléyìí?"

"Èmi ni. Tẹ̀ ẹ́ sínú kọ̀ǹpútà rẹ bó ṣe wà. Bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a."

Ó ń fi téèpù wé ọ̀pá ẹ̀rọ, ọwọ́ rẹ̀ ń ṣe é láìjẹ́ pé ojú ń wò ó.

"Láyé giramafóònù, abẹ́rẹ́ ló ń họ ohùn jáde lára àwo," ni ó wí. "Téèpù dé, wọ́n ní àwo ti kú. Kásẹ́ẹ̀tì dé, wọ́n ní téèpù ti kú. Síídì dé, ó sin kásẹ́ẹ̀tì. Ẹ̀yin náà ti dé báyìí."

"Bàbá, kọ̀ǹpútà ò ní kú o."

"Gbogbo wọn ló sọ bẹ́ẹ̀."

Olùtọ́jú rẹ́rìn-ín. "Ṣé lóòótọ́ ni pé ẹ̀rù ẹ̀rọ máa ń ba àwọn èèyàn?"

"Wọ́n ní atukọ̀ kan kọ̀, kò kọrin, àfi kí ẹ̀rọ kọ́kọ́ dá ikọ́ òun padà. Wọ́n gbà á, wọ́n dá a padà fún un. Bàbá náà ní òun ò mọ̀ pé ikọ́ náà ti le tó báyìí, ó ní kí wọ́n jọ̀wọ́ fi ọkọ̀ gbé òun lọ sílé ìwòsàn."

Abẹ́rẹ́ ló sọ ìtàn náà fún un. Kò dárúkọ rẹ̀.

Ó tẹ ẹ̀rọ. Ohùn jáde láti inú sípíkà, ó wú, ó ṣókùnkùn. Ó lè jẹ́ orin, ó lè jẹ́ ẹkún. Aago méjì ti lù. Olùtọ́jú wo ojú rẹ̀.

"Àbí kò ṣeé ṣe?"

"Ó ṣeé ṣe láti ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n sẹ́yìn," ni ó wí. "Ẹni tó bá fẹ́ gbọ́ ohun tí orí wíwọ́ sọ, àfi kó wọ́ orí tirẹ̀ bákan náà. Wọ́n bẹ̀ mí nígbà yẹn. Mo ní èmi ò ní wọ́ orí tó dúró nítorí ẹ̀ṣẹ̀ Abẹ́rẹ́."

Olùtọ́jú yí ojú sí àwọn páálí tí wọ́n kó padà wá.

Máfọwọ́kàn-án mú sukudíráfà. Ó họ èdìdì pupa náà kúrò. Ó fọ́ wẹ́wẹ́ sórí irin. Ó fa súkúrù sí ọ̀tún, ohùn náà tún ṣókùnkùn sí i. Ó fà á sí òsì, díẹ̀díẹ̀. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ yí i délẹ̀ nígbà tí ohùn náà là, bí ẹni pé yàrá náà ṣí.

Kò sí ọ̀rọ̀ míì fún un. Omi ń dà. Aṣọ tútù ń gbá òkúta, pà, pà, àwọn obìnrin alágbàfọ̀ ilé ìwòsàn sì ń kọrin lé e, ọ̀kan ń lé, àwọn yòókù ń gbè, orin tí wọ́n fi ń bú nọ́ọ̀sì tí kì í yọ abẹ́rẹ́ kúrò nínú aṣọ ìbora. Èèyàn lè ka iye wọn lẹ́nu. Èyí tó ń lé orin ní àlàfo láàárín eyín. Afẹ́fẹ́ ń gbabẹ̀ jáde.

Olùtọ́jú fọwọ́ bo ẹnu. Lẹ́yìn náà ó pariwo, ó fò, ó dì mọ́ ẹ̀rọ.

"Má fọwọ́ kàn án!"

"Ẹ má bínú, Bàbá. Ẹ má bínú." Ó ń rẹ́rìn-ín, omi ń dá lójú rẹ̀. "Mò ń lọ pe Ọ̀gá."

Nígbà tó ku òun nìkan, Máfọwọ́kàn-án rọra fara ti àga. Ó mọ̀ pé yóò rí bẹ́ẹ̀, kò ṣiyèméjì rí. Lẹ́yìn náà ni ojú rẹ̀ bọ́ sára súkúrù, ó sì fi ojú wọn bó ti lọ tó: ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin ìyípo kan, sí òsì.

Ó mọ ìwọ̀n yẹn.

Ó ṣí àpò rẹ̀, ó mú téèpù súfèé jáde. Súfèé gígùn kan ṣoṣo ló wà nínú rẹ̀, òun la fi ń to orí ẹ̀rọ: èèyàn á máa yí súkúrù, súfèé á máa ròkè, ibi tó bá ti pariwo jù ni orí ti dúró ṣánṣán. Ṣùgbọ́n ẹ̀tàn kan wà nínú rẹ̀. Kó tó dé òkè ńlá, òkè kékeré kan wà lọ́nà, ní ìwọ̀n ìyípo yẹn gan-an sí i. Súfèé á ròkè, á tún máa lọ sílẹ̀, ẹni tó ń kánjú á rò pé òun ti dé, á sì dè é pa síbẹ̀.

Ó tẹ ẹ̀rọ láìyí nǹkan kan padà. Bí orí náà bá kàn wọ́ ni, kò yẹ kí ohunkóhun jáde. Súfèé jáde, ó tẹ́ẹ́rẹ́, ó mọ́. Ó yí súkúrù díẹ̀ sí òsì, súfèé kú. Ó yí i padà, ó jí. Ó fà á sí ọ̀tún, ó tún kú, ó tún jí, ó sì gòkè, ó gòkè, títí ó fi kún yàrá nígbà tí súkúrù padà dé ojú ibi tí èdìdì pupa ti dè é tẹ́lẹ̀.

Ibi tí àwọn obìnrin náà ti kọrin, orí òkè kékeré ni.

Abẹ́rẹ́ kò fi súfèé to orí rí. Ìdì kọ́kọ́rọ́ ló máa ń mì lẹ́gbẹ̀ẹ́ gbohùngbohùn, á di ojú, á máa yí súkúrù títí ìró wọn á fi mú ṣáṣá létí rẹ̀. Máfọwọ́kàn-án máa ń pè é ní eré ọmọdé. Kọ́kọ́rọ́ kò ní òkè kékeré. Téèpù súfèé kan ṣoṣo ló sì wà nílé iṣẹ́ náà láyé ìgbà yẹn, nínú dúrọ́ọ̀ tí Máfọwọ́kàn-án máa ń tì pa, tí kò fi síkàáwọ́ ẹnikẹ́ni. Ó rántí ọ̀sẹ̀ tó to ẹ̀rọ yẹn. Ìyàwó rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ bí ọmọ wọn kẹrin ni. Ẹsẹ̀ kan ló fi wà níbi iṣẹ́, ẹsẹ̀ kejì wà nílé ìwòsàn.

Ó jókòó. Ó yí súkúrù padà sí orí òkè kékeré, ó yọ téèpù súfèé, ó dá téèpù àwọn obìnrin náà padà, nítorí Ọ̀gá ń bọ̀.

Ọ̀gá wọlé nígbà tí aago mẹ́rin ku ìṣẹ́jú mẹ́wàá, Olùtọ́jú àti àwọn alábàárù méjì tẹ̀lé e. Ó gbọ́ orin náà. Nígbà tó débi ọ̀rọ̀ nọ́ọ̀sì, ọ̀kan nínú àwọn alábàárù bú sẹ́rìn-ín, Ọ̀gá náà sì rẹ́rìn-ín kó tó rántí pé òun ni ọ̀gá.

"Gbogbo wọn ló máa jáde báyìí?"

"Igba ó lé méjìlá," ni Máfọwọ́kàn-án wí. "Kò ní ku ẹyọ kan."

"Ẹ dá wọn padà sórí pẹpẹ," ni Ọ̀gá sọ fún àwọn alábàárù. Ó na ọwọ́ sí Máfọwọ́kàn-án. "Bàbá, ẹ kú iṣẹ́. Ta tiẹ̀ ni ìbàjẹ́ yìí ti ọwọ́ ẹ̀ wá?"

"Ẹnì kan tí wọ́n ń pè ní Abẹ́rẹ́ ni, sà," ni Olùtọ́jú yára dáhùn. "Mo ti tẹ̀ ẹ́ síbẹ̀."

"Pa á rẹ́," ni Máfọwọ́kàn-án wí.

Bó bá ti gba nǹkan gbọ́, kì í sọ ọ́ wúyẹ́wúyẹ́. Gbogbo yàrá gbọ́ ọ. "Èmi ni. Èmi ni mo to ẹ̀rọ náà, mo tò ó sí òdì, ẹlòmíì kò fọwọ́ kàn án. Kọ orúkọ mi síbẹ̀. Èyí tó wà nínú ìwé tí mo fi ń gba owó ìfẹ̀yìntì ni kó o kọ, má kọ ìnagijẹ."

Ọ̀gá fẹ́ rẹ́rìn-ín, ó wo ojú rẹ̀, kò rẹ́rìn-ín mọ́. Ó dúpẹ́ lẹ́ẹ̀kan sí i, ó gun àtẹ̀gùn lọ.

Olùtọ́jú dúró, ọwọ́ rẹ̀ lórí kọ̀ǹpútà. "Bàbá," ni ó wí jẹ́jẹ́, "ṣé ó mọ̀? Abẹ́rẹ́ yẹn?"

Máfọwọ́kàn-án lanu láti sọ pé rárá. Báwo ni yóò ṣe mọ̀? Bó bá mọ̀, ṣé kò ní wí ni? Ìgbà náà ló rántí.

Ọjọ́ tí wọ́n fún Abẹ́rẹ́ ní ìwé, ó wá sí yàrá iṣẹ́, àpò wà léjìká rẹ̀, ó dúró lẹ́nu ọ̀nà. Máfọwọ́kàn-án ti múra ìjà sílẹ̀ dè é. Ṣùgbọ́n Abẹ́rẹ́ kò dárúkọ ẹ̀rọ, kò dárúkọ téèpù.

"Ẹ̀gbọ́n, àwọn ọmọ yín ti di mélòó báyìí?"

"Mẹ́rin. Kí ló kàn ọ́ níbẹ̀?"

"Mẹ́rin," ni Abẹ́rẹ́ tún un sọ. Ó mi orí, bí ẹni tó ti ń ṣírò iye ẹnu tí owó oṣù kan ń bọ́ láti ìjọ́ kan, tí ìṣirò náà sì já sí ibi tó rò. Ó gbé àpò rẹ̀ sókè dáadáa, ó sì lọ.

Ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni Máfọwọ́kàn-án fi ka ìbéèrè yẹn mọ́ ìwà àfojúdi rẹ̀.

"Ó mọ̀," ni ó wí.